Iyọ̀ Ò Tán Nílé

Nígbà tí mo wà nílé ní Ìgbó-Ọrà, ohun tí mo mọ̀ nípa àwọn ará Ṣáínà kò ju ìjà àti fífò lọ. Lẹ́yìn gáréèjì wa, ọkùnrin kan wà tó máa ń fi fídíò hàn wá nínú ṣọ́ọ̀bù onípáànù. Ibẹ̀ la ti ń wo bàbá arúgbó onírùngbọ̀n funfun tó ń ti orí òrùlé kan fò bọ́ sórí òmíràn, tó sì ń fi ìka kan ṣoṣo da àwọn géńdé bolẹ̀. Nítorí náà, lọ́jọ́ tí mo dé Họ́ńgì-Kọ́ńgì, ẹ má fi mí rẹ́rìn-ín, mo ń jí òkè wò. Mi ò rí ẹni tó ń fò. Orí ilẹ̀ ni gbogbo wọn wà, tí wọ́n ń sáré, tí wọ́n dorí kọ fóònù, tí wọn ò sì kí ara wọn.

Àìkíni yẹn ló kọ́kọ́ dùn mí, ó dùn mí ju òtútù lọ. Nílé, mi ò lè rìn láti ojúlé wa dé ọ̀nà Ìdèrè kí n má dọ̀bálẹ̀ fún àgbà mélòó kan. Bí o bá yára kọjá, kó o tó dé ibi tí ò ń lọ, ẹjọ́ rẹ ti ṣáájú rẹ débẹ̀. Níbí, mo kí ọkùnrin kan káàárọ̀ ní èdè wọn lórí àtẹ̀gùn, ó sì di báàgì rẹ̀ mú. Nínú ọkọ̀ ojú irin, èrò á dúró pitimu, àga ẹ̀gbẹ́ mi á sì ṣófo. Lákọ̀ọ́kọ́, mo máa ń dọ́gbọ́n gbóòórùn abíyá ara mi. Nígbà tó yá, mo na ẹsẹ̀, mo ní bó bá jẹ́ pé àga méjì ni wọ́n fẹ́ fi ta mí lọ́rẹ, n ó gbà á.

Iṣẹ́ tí mo rí ni títú mọ́tò ògbólógbòó palẹ̀. Ọgbà ńlá kan ni, lẹ́yìn ìlú, tí wọ́n fi páànù yí ká. A ó yọ ẹ́ńjìnnì, a ó yọ ilẹ̀kùn, a ó yọ iná iwájú, a ó dì wọ́n sínú kọ̀ǹténà, ọkọ̀ ojú omi á sì gbé wọn lọ sọ́dọ̀ tiwa. Ó máa ń ṣe mí bákan. Ilẹ̀kùn tí mo fi ọwọ́ ara mi tú lè wà lára mọ́tò tí yóò gba iwájú ilé wa kọjá sí Eruwa, kí èmi tí mo tú u ṣì wà níbi tí mo wà. Irin ń lọ sílé, ènìyàn ò lè lọ. Kì í ṣe pé ẹnikẹ́ni so mí mọ́lẹ̀ o. Ìwé tí mo fi ń gbé ìlú yìí ni kò tíì parí. Bí mo bá jáde, mi ò ní lè padà wọlé, gbogbo làálàá mi á sì di fífi ajere pọnmi.

Yàrá mi kò ju ibi tí ènìyàn lè tẹ́ ẹní sí lọ. Fúláàtì kan ṣoṣo ni onílé fi pákó gé sí wẹ́wẹ́ bí ẹni gé iṣu àsáró, ó sì fi olúkúlùkù wa sínú ẹyọ kọ̀ọ̀kan. Pákó náà fẹ́lẹ́. Bí aládùúgbò bá yí ẹ̀gbẹ́ padà, mo gbọ́. Bí mo bá súfèé, wọ́n á gbá ògiri. Ariwo agbo ilé wa pọ̀ ju ìyẹn lọ fíìfíì, àmọ́ ariwo àwọn tó mọ orúkọ mi ni. Lọ́dún Iléyá tí mo kọ́kọ́ ṣe níbí, iṣẹ́ ni mo lọ. Nígbà tí mo pe ilé, mo gbọ́ àgbò tó ń ké lẹ́yìn ohùn Màmá mi, mo sì fi ojú sínú apá mi, mo sunkún.

Ẹni kan ṣoṣo tó mọ̀ pé mo wà láyé níbí ni ìyá àgbà tí yàrá wọn kángun sí tèmi. Pópó ni gbogbo ènìyàn ń pè wọ́n. Bí àwa ṣe ń pe ènìyàn ní ìyá àgbà náà ni. Opó ni wọ́n. Wọ́n ti bá àwọn òyìnbó fọṣọ nígbà èwe wọn, wọ́n sì gbọ́ gẹ̀ẹ́sì díẹ̀. Èmi náà gbọ́ díẹ̀, a wá pa díẹ̀ pọ̀ mọ́ díẹ̀. Nígbà tí òjò bẹ̀rẹ̀ sí í le, omi ń gba ẹ̀gbẹ́ wíńdò Pópó wọlé, ó ń kán sórí bẹ́ẹ̀dì wọn. Mo ń gbọ́ ọ láti inú yàrá mi bó ṣe ń kán sínú abọ́. Mo mú gọ́ọ̀mù dúdú tí wọ́n fi ń lẹ gíláàsì mọ́tò bọ̀ láti ibi iṣẹ́, mo dí ẹ̀gbẹ́ wíńdò náà. Òjò tó tẹ̀ lé e ò wọlé. Ìyá yìí di ọwọ́ mi méjèèjì mú, wọ́n ń sọ̀rọ̀ lọ ràì ní èdè wọn. Mi ò gbọ́ ọ̀kankan, mo sì gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ọjọ́ yẹn ni inú mi kọ́kọ́ dùn nílùú yìí.

Mo ròyìn rẹ̀ fún wọn nílé. Màmá mi ṣàdúrà, wọ́n ní bí mo ṣe gba òjò lórí ìyá oníìyá, Ọlọ́run ò ní jẹ́ kí òjò ìbànújẹ́ wọ ilé mi. Gbogbo ilé ṣe àmín.

Mo gbọ́dọ̀ sọ bí ìpè wa ṣe ń lọ, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà. Ọjọ́ Àìkú ni mò ń pe ilé, fóònù Màmá ni mo sì ń pè. Kì í ṣe pé ìyàwó mi, Sìdíkátù, ò ní fóònù tirẹ̀. Nígbà tí mo kọ́kọ́ dé, tirẹ̀ ni mò ń pè. Ṣùgbọ́n ilé ńlá ni ilé wa: Màmá wà níbẹ̀, ẹ̀gbọ́n mi, Bọ̀dá Lásísì, àti ìyàwó wọn wà níbẹ̀. Kò pẹ́ tí ọ̀rọ̀ fi ń jáde pé ọmọ tó re òkè òkun, ìyàwó ló ń kí kó tó kí ìyá. Pé ìyàwó náà ń wọ kọ̀rọ̀ lọ gba fóònù, kí ló wá ń fi pamọ́? Sìdí fúnra rẹ̀ ló bẹ̀ mí.

"Bàbá Bàsírà, ẹ máa pe fóònù Màmá," ó ní. "Ẹ jẹ́ kí gbogbo ilé máa gbọ́ ọ pọ̀, kó má baà di ìjà."

Bàsírà ni ọmọbìnrin wa. Ó ń rákò nígbà tí mo kúrò nílé. Mo ka ọ̀rọ̀ ìyàwó mi sí ọgbọ́n, ọgbọ́n náà sì ni.

Láti ìgbà náà ló ti rí báyìí. Màmá á gbé e. Etí wọn ti wúwo, nítorí náà wọ́n á tẹ̀ ẹ́ sí sípíkà. A ó kí ara, a ó kí oko, a ó kí òjò. Ó kan Bọ̀dá Lásísì, ó kan ìyàwó wọn, ó kan Bàsírà, tó ti wá ń kàwé fún mi lórí fóònù báyìí. Ìyàwó mi ló ń kẹ́yìn, lórí ìkúnlẹ̀, lójú gbogbo wọn.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, Bàbá Bàsírà."

"O ṣeun, Ìyá Bàsírà. Ṣé àlàáfíà ni?"

"Àlàáfíà ni, àlùhámúdù lílà. Ìgbà wo lẹ ń bọ̀?"

"Láìpẹ́, ní agbára Ọlọ́run."

Gbogbo ilé á sì ṣe àmín. Bí a ṣe ń bá ara wa sọ̀rọ̀ láti ọdún dé ọdún nìyẹn, èmi àti obìnrin tí mo fẹ́ràn. Ẹni tó bá mọ Sìdí mọ̀ pé ẹnu rẹ̀ mú. Tẹ́lẹ̀, ó máa ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ nínú yàrá wa títí n ó fi máa bẹ̀ ẹ́ pé kó fi mí sílẹ̀ kí n sùn. Obìnrin tó ń sọ pé "àlàáfíà ni" yìí, mi ò fi bẹ́ẹ̀ mọ̀ ọ́n.

Nígbà tó yá, ohùn rẹ̀ ń fẹ́lẹ́ sí i. Lẹ́yìn náà ni mo pe ilé lọ́jọ́ Àìkú kan tí mi ò gbọ́ ọ rárá. Màmá ní ó lọ sọ́jà Tápà, Bàsírà sì tẹ̀ lé e. Lọ́sẹ̀ kejì, wọ́n ní ó lọ sóko, ẹ̀gẹ́ ni wọ́n ń bó. Mo ní kò burú, ṣé kò sí nǹkan? Kí n tó sọ ọ́ tán, Bọ̀dá Lásísì ti dáhùn láti ẹ̀yìn pé àlàáfíà la wà, kí n gbájú mọ́ iṣẹ́ mi. Ìdáhùn náà yá jù. Ní ilé wa, a kì í yára dáhùn báyẹn bí nǹkan bá ń lọ bó ṣe yẹ. Mo ń tú mọ́tò lọ́sẹ̀ náà, ọkàn mi ò sí níbẹ̀. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù ni pé mo ti pàdánù ìyàwó mi, tí kò sì sí ẹni tó máa sọ fún mi.

Ẹ ó ní kí ló dé tí mi ò pe fóònù rẹ̀. Ẹni bá ti fi àṣà kan rìn pẹ́, bí ògiri ló máa ń rí lójú rẹ̀. Mo ń rò ó pé bí mo bá pè é, tí ilé bá gbọ́, òun ni wọ́n á dá lẹ́bi.

Lọ́jọ́ Àìkú tó tẹ̀ lé e, lọ́wọ́ ọ̀sán, Pópó kan pákó tó wà láàárín wa. Wọ́n ti po tíì, wọ́n ní kí n wá wo sinimá. Lọ́sàn-án Àìkú, tẹlifíṣọ̀n wọn máa ń ṣe àwọn sinimá àtijọ́ ti èdè Kántóníìsì tí àwọn ará ìlú yìí ń sọ, àwọn tí kò láwọ̀, dúdú àti funfun lásán. Mo jókòó sórí àpótí, mo ń retí ẹ̀ṣẹ́.

Ọkùnrin kan ti ibi iṣẹ́ wọlé, ó bọ́ bàtà. Ìyàwó rẹ̀ gbé ìrẹsì wá. Yàrá kan ṣoṣo ni wọ́n ń gbé, ìyá ọkọ wà lẹ́yìn kọ́tìnnì. Tọkọtaya jẹun. Ìyàwó kó abọ́, ọkọ ń wo ẹ̀yìn rẹ̀, ó fẹ́ sọ̀rọ̀. Ìyá wúkọ́. Ọkọ pa ẹnu dé.

"Pópó," mo ní, "ìgbà wo ni wọ́n máa jà?"

Pópó wò mí bí ẹni wo ọ̀dẹ̀. "Wọ́n ti ń jà látìgbà tó ti bẹ̀rẹ̀."

Pópó wá ń túmọ̀ rẹ̀ fún mi. Ọkùnrin náà dìde, ó ní iyọ̀ ti tán. Ìyàwó ní òótọ́ ni, iyọ̀ ti tán. Wọ́n jọ jáde lọ ra iyọ̀. Bí wọ́n ṣe jáde ni sinimá fi ìkòkò iyọ̀ hàn wá lórí pẹpẹ: ó kún dé ẹnu. Lórí àtẹ̀gùn ni obìnrin náà ti bẹ̀rẹ̀. Ó ń ju ọwọ́, ó ń sọ ohun tó ti wà nínú rẹ̀ láti àárọ̀, ọkọ náà ń dáhùn, ó ń tẹsẹ̀ mọ́lẹ̀. Wọ́n jà dé ìsàlẹ̀. Wọ́n ra iyọ̀ oníbébà, wọ́n padà gòkè, wọ́n rọra wọlé bí ẹni pé kò sí nǹkan kan. Lójoojúmọ́ ni wọ́n ń ra iyọ̀.

Pópó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. "Èmi àti bàbá ilé wa náà nìyẹn," wọ́n ní. "Epo ni tiwa. Títí ó fi kú, epo kì í tán nílé wa."

Èmi náà rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n sinimá ò dúró síbẹ̀. Lọ́jọ́ kan, ọkọ ti ibi iṣẹ́ dé, ó ti rẹ̀ ẹ́. Ìyàwó ní iyọ̀ ti tán. Ọkọ ò gbójú sókè. Ó ní iyọ̀ wà. Ìyàwó tún un sọ. Ọkùnrin náà bá na ọwọ́ sí ìkòkò, ó ṣí i, ó fi iyọ̀ hàn án. Ìyá dáhùn láti ẹ̀yìn kọ́tìnnì pé ó wà lóòótọ́. Obìnrin náà mú apẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ó dá jáde.

Mo dìde. Pópó ní kò tíì parí. Mo ní mo ń bọ̀.

Orí àtẹ̀gùn ni mo ti pe nọ́ńbà ìyàwó mi. Ó dún títí, ó gé. Mo tún un pè. Ó gbé e.

"Ta ló kú?"

Ọ̀rọ̀ tó kọ́kọ́ jáde lẹ́nu rẹ̀ nìyẹn. Wọn ò kí mi bẹ́ẹ̀ rí láyé mi.

"Kò sẹ́ni tó kú."

"Ṣé ara yín ò yá ni? Ṣé wọ́n mú yín ni?"

"Ara mi le. Níbo lo wà, Sìdí?"

Mo gbọ́ adìẹ lẹ́yìn rẹ̀. "Èmi àti Bàsírà wà ní Ìdèrè, nílé bàbá mi. Wọn ò sọ fún yín, àbí?"

"Wọn ò sọ fún mi. Kí ló ṣẹlẹ̀?"

"Kò sí nǹkan. Àlàáfíà ni."

"Ta ló wà lọ́dọ̀ rẹ?"

"Bàbá wà níbí. Àǹtí mi wà níbí."

"Sọ fún wọn pé iyọ̀ ti tán, o fẹ́ lọ rà á."

"Iyọ̀ kẹ̀? Iyọ̀ wà nílé."

"Mo mọ̀ pé ó wà. Ṣáà sọ bẹ́ẹ̀, kó o jáde sójú ọ̀nà, kó o wá bú mi."

Mo rò pé ó ti gé e. Lẹ́yìn náà, mo gbọ́ ọ tó ń sọ pé, "Bàbá, mo ń bọ̀ o, iyọ̀ ti tán." Bàbá rẹ̀ ní, "Ṣebí àná la ra iyọ̀?" Mo gbọ́ sílípáàsì rẹ̀ nílẹ̀, mo gbọ́ tí ohùn ilé ń jìnnà sí i, mo gbọ́ ọ̀kadà tó kọjá.

"Ṣé ẹ mọ̀ pé orí yín ti dàrú?" ó ní.

"Mo mọ̀."

"Òjò ń wọ yàrá wa, Bàbá Bàsírà." Ó gbé ohùn sókè. "Láti ìgbà òjò èṣí! Páànù ti ṣí lókè ibi tí bẹ́ẹ̀dì wà. Mo sọ fún Màmá, Màmá ní kí n sọ fún Bọ̀dá. Bọ̀dá ní ó di ìgbà tí ọkọ mi bá pè. Ẹ pè, Bọ̀dá jókòó síbẹ̀, wọ́n ń wò mí lẹ́nu. Kí ni kí n wí? Kí n sọ lójú wọn pé ẹ̀gbọ́n yín ń wo ìyàwó yín nínú òjò? Mo ní àlàáfíà ni. Èmi àti Bàsírà ń ti bẹ́ẹ̀dì kiri yàrá. Fóòmù rà mọ́ wa lábẹ́. Ẹ wá pè lọ́jọ́ kan, inú yín ń dùn, ẹ ní ẹ bá ìyá kan dí wíńdò, òjò ò wọlé tì wọ́n mọ́. Gbogbo ilé ń ṣe àmín. Orí ìkúnlẹ̀ ni mo wà. Aṣọ ọrùn mi ò tíì gbẹ lọ́jọ́ náà!"

Mo jókòó sórí àtẹ̀gùn. Obìnrin kan ń gòkè bọ̀, ó rí mi, ó gba ẹ̀gbẹ́ ògiri kọjá. Mi ò bìkítà.

"N ó rán káfíńtà lọ lọ́la," mo ní.

"Káfíńtà wà nílùú kẹ́ ẹ tó lọ. Ṣé káfíńtà ni mò ń wí?"

Kì í ṣe káfíńtà ló ń wí, mo sì mọ̀. Ó bú mi títí ohùn rẹ̀ fi há. Ó bú mi nítorí òjò, ó bú mi nítorí àmín, ó bú mi nítorí àwọn ohun tí mo ti gbàgbé pé a jọ ṣe. Mo ń sọ pé, "Máa bá a lọ." Ó dùn mí dé egungun, síbẹ̀ mi ò fẹ́ kó dákẹ́.

Nígbà tí mo padà sọ́dọ̀ Pópó, wọ́n ti pa tẹlifíṣọ̀n. Mo bi wọ́n bóyá obìnrin yẹn padà sílé.

"Wọn ò fi hàn," wọ́n ní. "Ọkọ rẹ̀ ń sáré sọ̀ kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn. Ibẹ̀ ló parí sí."

Káfíńtà lọ. Wọ́n ti fi páànù tuntun sórí yàrá wa. Òjò ò wọ ibẹ̀ mọ́, kò sì sẹ́ni tó ń sùn níbẹ̀. Bọ̀dá Lásísì ò bá mi sọ̀rọ̀ mọ́. Wọ́n ní mo rán káfíńtà kọjá lórí wọn, mo fi wọ́n ṣẹ̀sín ládùúgbò. Màmá mi bi mí pé ṣé àwọn ló wá ń kẹ́yìn báyìí. Mo ní, "Màmá, ẹ̀yin lẹ bí mi, mi ò lè sanwó ọmú. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n máa gbọ́ ohùn ìyàwó mi." Wọ́n sunkún, èmi náà sunkún, a ò sì rí ọ̀rọ̀ náà yanjú. Mo ti máa ń rò pé ibi tí wọ́n ti mọ orúkọ mi ni ilé mi. Ibẹ̀ náà sì ni gbogbo ènìyàn ti ń fi ìfẹ́ sọ fún mi pé àlàáfíà ni, tí ọmọ mi ń sùn nínú omi. Bí mo bá ń rìn lọ síbi iṣẹ́ nísinsìnyí, mi ò mọ èwo nínú ìlú méjèèjì ni mo jẹ́ àlejò sí jù.

Sìdí ṣì wà ní Ìdèrè. Kò sọ pé òun ò padà, kò sì sọ pé òun ń padà.

Ní Àìkú tó kọjá, mo pè é. Mo gbọ́ ìró odó àti ẹ̀rín àwọn ará ilé. "Ẹ dúró," ó ní, "iyọ̀ ti tán." Bàbá rẹ̀, tí kì í ṣe ọmọdé, ní, "Iyọ̀ ilé yìí mà ń tán o!" Mo gbọ́ sílípáàsì rẹ̀ títí ariwo fi tán lẹ́yìn rẹ̀. Mo múra sílẹ̀ fún èébú, àmọ́ kò bú mi.

"Ìgbà wo lẹ ń bọ̀?" ó ní.

Ẹnu mi ti là fún èyí tí mo máa ń sọ. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó máa ṣe àmín sí i. Èmi àti òun nìkan la wà lójú ọ̀nà.

"Mi ò mọ̀, Sìdí," mo ní. "Ìwé mi ò tíì parí. Bí mo bá jáde, mi ò ní lè wọlé mọ́. Ó lè pẹ́. Mi ò mọ̀."

Atẹ́gùn ń fẹ́ sínú fóònù rẹ̀. Mo di fóònù mú, mo ń retí kó gé e.

"Ẹ má tíì gé e," ó ní. "Ẹ jẹ́ n wá ibi jókòó sí."